Wàláà Tí A Yá Àwọn Òṣèré: Ǹjẹ́ A Ní Ìpín Nínú Rẹ̀?

Ọpẹ́ ni fún Ọlọ́hun, Ọba tí ó fún ènìyàn ní ojú tí ó fi ń ríran, tí ó sì fún un ní làákàyè tí ó fi ń mọ ìyàtọ̀ láàárín ohun tí ó rí àti ohun tí ó jẹ́ òótọ́. Kí ìkẹ́ àti ọlà Ọlọ́hun máa bá Ànábì wa Muhammad, àwọn ará ilé rẹ̀ àti àwọn sàhábé rẹ̀ lápapọ̀.

Ẹ̀yin ọ̀dọ́ Mùsùlùmí, ẹ̀yin arákùnrin àti arábìnrin wa nínú ẹ̀sìn, ọ̀rọ̀ tí a fẹ́ bá yín sọ ní oṣù yìí lè dà bí ọ̀rọ̀ eré lásán létí ẹlòmíràn. Àwa náà kà á sí ọ̀rọ̀ eré tẹ́lẹ̀, kí ó tó dé ẹnu ọ̀nà wa.

Ní ọdún 2019, àwọn kan tí wọ́n ń ya fíìmù Yorùbá wá sí ilé kéú tí a ti ń kọ́ àwọn ọmọ ní Ìfàkì-Èkìtì níhìn-ín. Ọmọ ilé kéú wa àtijọ́ kan ni ó mú wọn wá. Iṣẹ́ káfíńtà ni ọmọ náà kọ́, ṣùgbọ́n àwọn oníṣẹ́ fíìmù ti ń pè é láti máa bá wọn to ibi tí wọ́n ti ń ṣe eré. Òun ni ó ń kan pátákó mọ́ ògiri, òun ni ó ń kun ọ̀dà, òun náà ni ó ń wá àga, ẹní, ìkòkò àti aṣọ fèrèsé kiri ìlú. Wọ́n ní yàrá àáfà ni àwọn ń wá. Wọ́n bẹ̀ wá kí á yá àwọn ní kíláàsì kan fún ọjọ́ méjì, pẹ̀lú ẹní, bùútà àlùwàlá, tẹ̀sùbáà gígùn kan àti wàláà àwọn ọmọ. Ẹgbẹ̀rún mẹ́ẹ̀ẹ́dógún náírà (₦15,000) ni wọ́n fún wa. Nígbà náà, ìjì ti ṣí páànù orí ilé kéú náà ní ẹ̀gbẹ́ kan, òjò sì ń pa àwọn ọmọ. A gba owó náà, a fi ra páànù. A kò bi wọ́n léèrè ohun tí àáfà inú eré náà ń ṣe.

Ó tó oṣù mẹ́jọ kí á tó rí fíìmù náà lórí fóònù. Àáfà inú eré náà ń tẹ yanrìn, ó ń da ẹ̀jẹ̀ sínú igbá, ó sì ń rán ọ̀dọ́mọkùnrin kan pé kí ó lọ mú orí ènìyàn wá kí ó lè lówó. Lẹ́yìn rẹ̀ gan-an, wàláà àwọn ọmọ wa ni wọ́n tò sí ara ògiri. Súrà Ikhlás tí ọmọ ọdún méje kan kọ pẹ̀lú tàdáwà hàn gbangba lára ọ̀kan nínú wọn, tó bẹ́ẹ̀ tí ẹni tí ó bá mọ̀ ọ́n kà yóò kà á.

Ìyá àgbà kan wà ládùúgbò wa tí kì í ṣe Mùsùlùmí, tí ó máa ń ta ẹ̀pà fún àwọn ọmọ ilé kéú. Ó pè wá sí ẹ̀gbẹ́ kan ní ọjọ́ kan, ó rẹ ohùn rẹ̀ sílẹ̀, ó ní, "Àáfà, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má bínú sí mi o. Ṣé ohun tí ẹ ń ṣe nínú ilé yẹn lálẹ́ nìyẹn?" Kò fi ọ̀rọ̀ náà ṣe ẹ̀fẹ̀. Ó fẹ́ mọ̀ ni.

Láti ọjọ́ náà ni a ti ń bi ara wa: ẹni tí kò kọ ìtàn, tí kò ṣe òṣèré, tí kò gbé kámẹ́rà, ṣùgbọ́n tí ó yá wọn ní yàrá, tàbí tí ó bá wọn to yàrá, ǹjẹ́ ó ní ìpín nínú ohun tí yàrá náà sọ?

BÍ IṢẸ́ NÁÀ ṢE RÍ

Kí ọ̀rọ̀ yìí má baà ṣókùnkùn sí ẹnikẹ́ni, ẹ jẹ́ kí á kọ́kọ́ ṣàlàyé iṣẹ́ náà. Nínú fíìmù, ẹnì kan wà tí kì í hàn nínú àwòrán, ṣùgbọ́n tí ọwọ́ rẹ̀ wà lára gbogbo ohun tí a rí. Òun ni ó ń pinnu irú ilé tí ọba inú eré ń gbé, irú àga tí olówó ń jókòó lé, ọ̀dà ara ògiri àti fìtílà orí tábìlì. Nígbà tí Kúnlé Afọláyan ya October 1, tí ó jáde ní 2014, ìtàn ọdún 1960 ni ó fẹ́ sọ, nígbà tí Nàìjíríà fẹ́ gba òmìnira. Àkúrẹ́ àti Ìlárá-Mọ̀kín, tí kò jìnnà sí ìpínlẹ̀ wa, wà lára ibi tí wọ́n ti ya á. Pat Nebo ni olórí àwọn tí ó to ibi eré náà. Ẹni tí ó bá ń ṣe irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀ ní láti wá ọkọ̀, aṣọ àti ohun èlò ilé tí ó bá ayé ìgbà náà mu, kí ó sì gbé ohun gbogbo tí kò tíì dé ayé nígbà náà kúrò lójú kámẹ́rà. Nígbà tí ó yá, Afọláyan kan náà ya Aníkúlápó, tí ó jáde ní 2022, ìtàn ayé Ọ̀yọ́ àtijọ́. Ó kọ́ odidi abúlé kan sí Igbójàyè ní Òkè-Ògùn nítorí rẹ̀.

Ohun tí a gbé síwájú ojú lè ju ọ̀rọ̀ ẹnu lọ. Nínú Ṣaworoidẹ tí Túndé Kèlání ya ní 1999, ìlù kan àti adé kan ni ó gbé gbogbo ìtàn náà ró. Ọba tí ó kọ̀ láti bá ìlú mulẹ̀ ni ó ń sá fún ìlù náà. Ẹni tí ó wo fíìmù náà lè gbàgbé ọ̀pọ̀ nínú ohun tí wọ́n sọ níbẹ̀, ṣùgbọ́n ìlù náà kò ní kúrò lọ́kàn rẹ̀.

Ṣùgbọ́n owó tí a fi ń kọ́ abúlé kò sí lọ́wọ́ ọ̀pọ̀ nínú wọn. Láti ìparí àwọn ọdún 1980 tí fídíò ti gba ọjà lọ́wọ́ sinimá, owó ara wọn tàbí owó tí wọ́n yá ni ọ̀pọ̀ oníṣẹ́ fíìmù Yorùbá fi ń ṣe eré. Wọn kì í kọ́ ilé, ilé onílé ni wọ́n ń yá. Wọn kì í ra àga, àga alága ni wọ́n ń tọrọ. Ààfin tí ẹ rí jẹ́ ààfin ọba kan, ilé ìwòsàn tí ẹ rí jẹ́ ilé ìwòsàn ẹnì kan, yàrá àáfà tí ẹ rí sì lè jẹ́ kíláàsì àwọn ọmọ yín. Ìdí nìyí tí ọ̀rọ̀ yìí fi kan àwa tí a kì í ṣe òṣèré rárá.

ÒṢÈRÉ Ń ṢE ERÉ, ṢÙGBỌ́N YÀRÁ Ń KỌ́?

Àwọn kan yóò sọ pé eré ni eré ń jẹ́, kò sí ẹni tí kò mọ̀ pé irọ́ ni. Òótọ́ díẹ̀ wà nínú rẹ̀. Ẹni tí ó bá rí òṣèré kan tí ó kú nínú fíìmù lónìí, tí ó tún rí i nínú fíìmù mìíràn lọ́la, kò ní pariwo pé òkú jí. Gbogbo wa mọ̀ pé òṣèré ń díbọ́n. Ṣùgbọ́n ta ni nínú wa tí ń rò pé yàrá náà ń díbọ́n? A kì í bi ara wa léèrè ẹni tí ó gbé ìkòkò kalẹ̀ sí igun ilé, tàbí ìdí tí ó fi gbé e síbẹ̀. A gbà pé bí ilé irú ẹni bẹ́ẹ̀ ṣe rí nìyẹn. A ń yẹ ọ̀rọ̀ ẹnu òṣèré wò, ṣùgbọ́n ohun tí ó wà lẹ́yìn rẹ̀ ń wọlé sínú ọkàn wa láì kan ìlẹ̀kùn.

Ìyá ẹlẹ́pà wa kò gbà pé òṣèré náà jẹ́ àáfà. Ó mọ orúkọ rẹ̀, ó ti rí i nínú ipa ọlọ́pàá àti ipa awakọ̀. Yàrá náà ni ó gbà gbọ́, nítorí ó mọ wàláà náà. Ó ti rí i lọ́wọ́ àwọn ọmọ tí ń ra ẹ̀pà lọ́wọ́ rẹ̀.

Ẹ wá rántí ibi tí a wà. Bí irú fíìmù bẹ́ẹ̀ bá dé Ìlọrin tàbí Ìbàdàn, ẹni tí ó wò ó lè ní bàbá, àna tàbí onílé tí ó jẹ́ àáfà, yóò sì fi ohun tí ó mọ̀ wọn ohun tí ó rí. Ní Èkìtì níhìn-ín, a kò pọ̀. Láti Ìfàkì sí Ọ̀yẹ́, sí Ìkọ́lé, sí Ìdó, ọ̀pọ̀ ilé ni ó wà tí ẹnikẹ́ni nínú wọn kò tíì fi ẹsẹ̀ kan ilé kéú rí. Fíìmù náà ni wọ́n fi kọ́kọ́ wọ inú rẹ̀.

OHUN TÍ ÀLÙKÙRÁNÌ FI HÀN WÁ

Ẹ̀yin ọ̀dọ́, ẹ má ṣe rò pé ẹ̀sìn wa kò ní ohun kan láti sọ lórí ohun tí a ṣe kí ojú lè rí i bí òmíràn. Àpẹẹrẹ mẹ́ta wà nínú Àlùkùránì Alápọ̀n-ọ́nlé tí a fẹ́ kí ẹ ronú sí.

Èkíní wà nínú Súrà Naml. Nígbà tí ọbabìnrin Sábà ń bọ̀ lọ́dọ̀ Ànábì Sulaimana, Ànábì náà pàṣẹ kí wọ́n yí ìrísí ìtẹ́ rẹ̀ padà, kí wọ́n wò ó bóyá yóò dá a mọ̀. Lẹ́yìn náà, wọ́n ní kí ó wọ ààfin. Nígbà tí ó rí ilẹ̀ ibẹ̀, ó rò pé omi ni, ó ká aṣọ rẹ̀ sókè. Gíláàsì ni. Ṣùgbọ́n Ànábì Sulaimana kò fi í sílẹ̀ nínú àṣìṣe rẹ̀, ojú ẹsẹ̀ ni ó sọ fún un pé gíláàsì ni. Obìnrin náà mọ̀ nígbà náà pé ojú òun ti tan òun jẹ, bóyá kì í ṣe lórí ilẹ̀ yìí nìkan, bí kò ṣe lórí oòrùn tí òun àti àwọn ènìyàn rẹ̀ ń sìn. Ó sì gbà fún Ọlọ́hun.

Èkejì ni ti àwọn onídán Firiaona nínú Súrà Tọ̀-hà. Okùn àti ọ̀pá ni wọ́n jù sílẹ̀, ó sì dà bí ẹni pé wọ́n ń rìn. Iṣẹ́ wọn ni kí ẹ̀rù ba àwọn ènìyàn, kí irọ́ Firiaona lè dúró. Kò sí ẹnì kankan nínú wọn tí ó fẹ́ sọ fún àwọn tí ó ń wòran pé okùn ni.

Ẹ̀kẹta ni ó dun àwa jùlọ. Ọmọ màlúù tí Sámírí ṣe fún àwọn ọmọ Ísírẹ́lì, tí ó ń dún, ọ̀ṣọ́ àwọn ènìyàn náà fúnra wọn ni wọ́n kó jọ tí wọ́n fi ṣe é. Nígbà tí Ànábì Mùsá padà dé tí ó sì bi wọ́n, àwíjàre wọn ni pé àwọn kò fi ìfẹ́ inú àwọn ṣe é, pé ọ̀ṣọ́ náà jẹ́ ẹrù lọ́rùn àwọn, àwọn sì jù ú sílẹ̀. Ṣé ẹ gbọ́ èsì náà? "A kàn kó o fún wọn ni." A kò sọ pé yíyá òṣèré ní wàláà dọ́gba pẹ̀lú bíbọ ọmọ màlúù, kí Ọlọ́hun má ṣe jẹ́ kí á sọ àsọdùn. Ṣùgbọ́n àwíjàre wọn jọ tiwa, kò sì gbà wọ́n sílẹ̀. Wọ́n ní láti ronú pìwà dà.

Nítorí náà, kì í ṣe pé a ṣe nǹkan kí ó jọ òmíràn ni ẹ̀ṣẹ̀. Ìbéèrè tí ó wà níbẹ̀ ni: kí ni a fẹ́ kí ẹni tí ó ń wò ó gbàgbọ́ nígbà tí ó bá dìde? Gíláàsì Sulaimana mú ẹni náà dé ibi òótọ́. Okùn àwọn onídán dí ọ̀nà òótọ́.

"ṢEBÍ IRÚ ÀÁFÀ BẸ́Ẹ̀ WÀ?"

Ọmọ ilé kéú wa yẹn bi wá ní ìbéèrè kan tí ó le. Ó ní, "Ùstáàsì, ẹ má bínú, ṣebí irú àwọn àáfà bẹ́ẹ̀ wà? Ṣé kí wọ́n má sọ ọ́ ni?" Òótọ́ ni ó sọ. Wọ́n wà. Àwọn tí ń tẹ yanrìn tí ń fi orúkọ Ọlọ́hun jẹ àwọn ènìyàn lówó wà, àwa fúnra wa sì ti wàásù lòdì sí wọn. Bí fíìmù kan bá tú àṣírí wọn, ó ti bá wa ṣe iṣẹ́.

Èsì tí a fún un ni pé kí ó fi yàrá irú ẹni bẹ́ẹ̀ hàn bí yàrá rẹ̀ ṣe rí gan-an. Ọkùnrin tí ń ṣe òògùn owó kì í to wàláà ọmọdé sí ara ògiri, nítorí kò ní ọmọ kéú kankan. Yàrá tí ó ní ogún wàláà nínú ń sọ fún ẹni tí ó ń wò ó pé, "Ohun tí wọ́n ń kọ́ àwọn ọmọ níbí nìyí." Òṣèré kò sọ ọ̀rọ̀ yẹn, ẹni tí ó kọ ìtàn lè má rò ó rárá. Ẹni tí ó to yàrá ni ó sọ ọ́, àwa tí a yá a ní wàláà sì bá a sọ ọ́. Bí ó bá kó wàláà wọ̀nyí kúrò, ìtàn náà kò ní yingin, yàrá náà yóò sì túbọ̀ jọ òótọ́.

Ó dákẹ́. Lẹ́yìn náà ó ní, "Mi ò mọ̀ pé ọ̀rọ̀ ni mò ń sọ. Mo rò pé mo kàn ń to yàrá ni."

Nínú Súrà Isrá'i, Ọlọ́hun sọ fún wa pé a óò bi ènìyàn nípa etí, ojú àti ọkàn rẹ̀. Bí a bá lè bi wá nípa ohun tí ojú tiwa rí, mélòó mélòó ni ohun tí a gbé síwájú ojú ẹlòmíràn.

TI ẸNI TÍ IṢẸ́ YÌÍ JẸ́ OÚNJẸ RẸ̀

Lẹ́yìn èyí, wọ́n tún pe ọmọ náà sí iṣẹ́ mìíràn: kí ó kọ́ ojúbọ kan, kí ó sì gbẹ́ ère mẹ́ta sínú rẹ̀. Owó náà tó ohun tí ó ń rí ní oṣù méjì nídìí káfíńtà. Ó ní ìyàwó, ó ní ọmọ ọwọ́. Ó wá bi wá.

Àwa kì í ṣe mùfútì, a sì sọ bẹ́ẹ̀ fún un. Ṣùgbọ́n a rántí hàdíìsì kan tí ó wà nínú Bukhari, nípa ọkùnrin kan tí ó wá bá Ibn Abbas tí ó sọ fún un pé iṣẹ́ ọwọ́ òun ni òun fi ń jẹun, àwòrán ni òun sì ń ṣe. Ibn Abbas sọ fún un bí ìkìlọ̀ Ànábì (kí ìkẹ́ àti ọlà Ọlọ́hun máa bá a) ti le tó lórí ẹni tí ó bá ń ṣe àwòrán ohun ẹlẹ́mìí. Ìdààmú bá ọkùnrin náà, ojú rẹ̀ yí padà. Ibn Abbas kò lé e lọ. Ó ní bí kò bá lè ṣaláì ṣe iṣẹ́ náà, kí ó máa ya igi àti gbogbo ohun tí kò ní ẹ̀mí. Ẹ wo àánú tí ó wà nínú èsì náà: ó ti ilẹ̀kùn kan, ó ṣí òmíràn. Òótọ́ ni pé àwọn onímọ̀ ní àlàyé púpọ̀ lórí àwòrán, ṣùgbọ́n ní ti ère gbígbẹ́, pàápàá èyí tí ó jọ ohun tí a ń bọ, ọ̀rọ̀ ọ̀pọ̀lọpọ̀ wọn kò fara pamọ́.

Ọmọ náà padà lọ bá wọn. Ó ní òun yóò mọ ògiri, òun yóò fi imọ̀ bo òrùlé, ṣùgbọ́n kí wọ́n wá ẹlòmíràn fún ère. Wọ́n gba iṣẹ́ náà lọ́wọ́ rẹ̀ pátápátá. A kò ní purọ́ fún yín pé iṣẹ́ tí ó dára ju ìyẹn lọ wọlé ní ọjọ́ kejì. Kò wọlé. Ilẹ̀kùn àti bẹ́ǹṣì ni ó kàn fún bí ọdún kan kí ẹlòmíràn tó pè é sí fíìmù. Bí a bá ń sọ fún àwọn ọ̀dọ́ pé kí wọ́n fi hàráàmù sílẹ̀, ó yẹ kí àwa àgbà máa ra ohun tí wọ́n fi ọwọ́ hàláàlì ṣe. Bẹ́ǹṣì tí àwọn ọmọ wa ń jókòó lé báyìí, òun ni ó kàn án.

KÍ Á ṢE ÒDODO FÚN ẸLÒMÍRÀN PẸ̀LÚ

Ó ku ohun kan tí a kò gbọdọ̀ fi pamọ́. Nígbà tí wọ́n fi yàrá àáfà hàn ní àìdára, inú bí wa. Ṣùgbọ́n nígbà tí wọ́n bá fi yàrá ìyá arúgbó hàn, pẹ̀lú ìkòkò dúdú, igbá àti ológbò, tí gbogbo wa sì mọ̀ lójú ẹsẹ̀ pé àjẹ́ ni, ṣé inú ń bí wa? Irú ìkòkò dúdú bẹ́ẹ̀ wà nílé ìyá àgbà wa, ọkà ni ó ń fi rò. A ti gbọ́ bí àwọn ọmọdé ṣe ń sá fún ìyá arúgbó tí ó ń dá gbé nítorí ohun tí wọ́n rí nínú fíìmù. Ọlọ́hun pàṣẹ nínú Súrà Máídà pé kí ìkórìíra tí ó wà láàárín wa àti àwọn ènìyàn kan má ṣe sún wa débi àìṣòdodo. Bí a kò bá fẹ́ ẹ̀rí èké lórí ilé kéú, a kò gbọdọ̀ rẹ́rìn-ín nígbà tí wọ́n bá jẹ́ ẹ lórí ilé pásítọ̀ tàbí lórí ilé opó.

ÌMỌ̀RÀN WA

Ẹnikẹ́ni tí wọ́n bá wá yá ilé, mọ́ṣáláṣí tàbí ohun èlò lọ́wọ́ rẹ̀ fún eré, kí ó kọ́kọ́ bi wọ́n ní nǹkan mẹ́ta. Kí ni yóò ṣẹlẹ̀ nínú yàrá yìí? Ta ni ẹni tí ó ń gbé inú rẹ̀ nínú ìtàn? Kí ni ẹni tí kò mọ̀ wá rí yóò rò nípa wa lẹ́yìn tí ó bá ti wò ó? Bí wọn kò bá fẹ́ dáhùn, kí ó dá owó wọn padà, kódà bí òjò bá ń jò sí i lórí. Ẹ̀yin tí ẹ sì ń ṣe iṣẹ́ náà, tí ẹ ń kan pátákó, tí ẹ ń kun ọ̀dà, a kò ní kí ẹ sá kúrò. Bí àwọn tí ó mọ bí ilé kéú ṣe rí bá kúrò níbẹ̀, àwọn tí kò mọ̀ ọ́n ni yóò máa tò ó fún wa.

Ní ti àwa, ìdáhùn sí ìbéèrè tí a fi bẹ̀rẹ̀ ni pé bẹ́ẹ̀ ni, a ní ìpín. Kì í ṣe gbogbo rẹ̀, ṣùgbọ́n a ní ìpín ẹni tí ó lè béèrè tí kò béèrè, nítorí pé owó wà lọ́wọ́ ẹni tí ó wá. A sọ ọ́ fún àwọn jámọ́ọ̀ lẹ́yìn ìrun Jímọ̀, a sì tọrọ àforíjìn lọ́wọ́ Ọlọ́hun àti lọ́wọ́ àwọn òbí ọmọ. Nígbà tí a ṣe wọlímọ̀ àwọn ọmọ, a pe ìyá ẹlẹ́pà. Ó wá, ó jókòó láti òwúrọ̀ títí ó fi parí. Ó gba wàláà kan lọ́wọ́ ọmọ, ó ní kí ó ka ohun tí ó wà níbẹ̀ fún òun, kí ó sì túmọ̀ rẹ̀. Ọmọ náà ṣe bẹ́ẹ̀. Nígbà tí ó ń lọ, a bẹ̀ ẹ́ pé kí ó má ṣe gba ohun tí ó rí nínú fíìmù náà gbọ́ mọ́. Ó ní, "Àáfà, mo ti gbọ́. Ṣùgbọ́n ọdún mélòó ni mo ti ń ta ẹ̀pà lẹ́nu ọ̀nà yín? Òní ni ẹ ṣẹ̀ṣẹ̀ pè mí wọlé."

Kí Ọlọ́hun fi orí jì wá lórí ohun tí a fi ọwọ́ wa gbé kalẹ̀ àti ohun tí a fi ìlẹ̀kùn wa tì mọ́. Kí ó fi hàláàlì rọ àwọn ọ̀dọ́ wa lọ́rùn, kí ó má ṣe jẹ́ kí á jẹ́ ẹ̀rí èké lórí ara wa tàbí lórí ẹlòmíràn. Àmín.